Ẹ Fi Díẹ̀ Pamọ́ Nínú Iṣẹ́ Ọwọ́ Yín

Ẹ̀yin ọmọ wa tó ń ya àwòrán ní Abuja, ẹ wo ẹ̀yìn owó náírà 20. Ladi Kwali, amọ̀kòkò, ló wà níbẹ̀. Ní abúlé Kwali ló ti ń mọ ìkòkò omi, tó ń fín alángbá àti àkekèé sí i lára, kí Michael Cardew, amọ̀kòkò ọmọ ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, tó rí iṣẹ́ rẹ̀ láàfin Ẹ́míà ìlú Suleja. Ọwọ́ rẹ̀ ti mọ́ iṣẹ́ kí ayé tó gbọ́ orúkọ rẹ̀. Ọdún 1954 ló tó dé ilé-ẹ̀kọ́ ìkòkò mímọ tí Cardew dá sílẹ̀ ní Suleja.

Torí náà, kí ẹ̀yin náà ní ìwé kan tí ẹnikẹ́ni kò ní rí. Ẹ máa ya ohun tó wù yín síbẹ̀, kẹ́ ẹ ṣàṣìṣe láìsí ìtìjú. Ẹni tó ń wojú èrò nígbà gbogbo kì í mọ ohun tí ọkàn òun fẹ́. Ẹ jọ̀wọ́, kì í ṣe gbogbo iṣẹ́ ló yẹ kó dé Instagram.