Ṣé Ọlọ́pọlọ Pípé Ló Máa Ń Rọ́wọ́ Mú Láyé?

Lọ́sẹ̀ tó kọjá, àbúrò mi ọkùnrin pè mí. Èsì ìdánwò àṣewọlé yunifásítì rẹ̀ ti jáde, kò sì tún dáa. Ẹlẹ́ẹ̀kejì nìyẹn. Ó ní: "Àǹtí mi, ẹ̀yin lẹ lọ́pọlọ nílé wa. Olódo lèmi. Ẹ bá mi bẹ Màmá kí wọ́n jẹ́ n lọ kọ́ṣẹ́."

Kò sóhun tó burú nínú iṣẹ́ ọwọ́. Ọ̀rọ̀ "olódo" yẹn ló dùn mí. Ó ti gbà pé ọpọlọ ni kọ́kọ́rọ́ ayé, àti pé Ọlọ́run ò fún òun. Ṣé bẹ́ẹ̀ ló rí lóòótọ́? Ẹ jẹ́ ká wo ohun tí ìwádìí fi hàn.

Àwọn ọmọ tí Terman ṣà

Ní 1921, Lewis Terman, ọ̀jọ̀gbọ́n nípa ìrònú àti ìṣe ẹ̀dá ní Yunifásítì Stanford ní California, Amẹ́ríkà, bẹ̀rẹ̀ sí í ṣa àwọn ọmọ iléèwé tí ọpọlọ wọn já fáfá jù. Ìdánwò IQ ló fi ṣà wọ́n. Nínú ìdánwò yìí, 100 ni máàkì ẹni tó wà láàárín; nǹkan bí èèyàn méjì nínú mẹ́ta ló ń bọ́ sáàárín 85 sí 115. Ọ̀pọ̀ àwọn tí Terman mú ló gba 140 tàbí jù bẹ́ẹ̀ lọ. Wọ́n lé ní 1,500. Ó ń tẹ̀ lé ìgbésí ayé wọn títí tó fi kú ní 1956, àwọn ẹlòmíì sì gba iṣẹ́ náà ṣe.

Kí ni wọ́n dà? Ọ̀pọ̀ wọn ṣe dáadáa ju àwọn ẹgbẹ́ wọn lọ: dókítà, lọ́yà, ọ̀jọ̀gbọ́n. Ancel Keys, tó ṣèwádìí lórí ọ̀rá inú oúnjẹ àti àrùn ọkàn, wà lára wọn. Ká má parọ́, ọpọlọ wúlò. Àmọ́ kò sí ìkankan nínú wọn tó gba ẹ̀bùn Nobel. William Shockley àti Luis Alvarez, tí wọ́n dán wò lọ́mọdé tí máàkì wọn ò tó, ló wá gbà á: Shockley ní 1956 lórí transistor, tí àwọn ọmọ-ọmọ rẹ̀ kún inú fóònù yín, Alvarez ní 1968.

Ẹ dúró ná o. Ìtàn èèyàn méjì kò tó ẹ̀rí. Èyí tó lágbára jù nìyí: wọ́n mú 100 ọkùnrin tó rọ́wọ́ mú jù nínú àwọn ọmọ yìí, wọ́n fi wọ́n wé 100 tó gbẹ́yìn. IQ wọn nígbà ọmọdé fẹ́rẹ̀ẹ́ dọ́gba! Ohun tó yàtọ̀ ni ìforítì, ìdánilójú, mímọ ohun téèyàn ń lé, àti irú ilé tí wọ́n ti wá. Bàbá àwọn tó ṣe dáadáa kàwé ju bàbá àwọn yòókù lọ. Àwọn obìnrin ńkọ́? Ọpọlọ tiwọn náà pé, àmọ́ ayé ìgbà yẹn ò ṣílẹ̀kùn fún wọn. Ọ̀pọ̀ ló parí sídìí iṣẹ́ ilé. Àwọn àgbà ti sọ ọ́: ẹni tó lórí kò ní fìlà.

Ṣé IQ kì í yí padà ni?

Láàárín 1955 sí 1972, ìjọba Norway sún iye ọdún tó pọn dandan fún ọmọ níléèwé láti 7 sí 9. Kì í ṣe gbogbo àgbègbè ló bẹ̀rẹ̀ lẹ́ẹ̀kan náà. Ìyẹn jẹ́ kí àwọn onímọ̀ lè fi àwọn ọmọ tó tètè jàǹfààní ẹ̀ wé àwọn tí kò tíì dé ọ̀dọ̀ wọn. Nígbà tí wọ́n dán àwọn ọmọkùnrin wò fún iṣẹ́ ológun ní nǹkan bí ọmọ ọdún 19, àwọn tó pẹ́ jù níléèwé ló gba máàkì IQ tó ga jù.

Ní 2018, Stuart Ritchie àti Elliot Tucker-Drob kó irú ìwádìí bẹ́ẹ̀ jọ, lórí èèyàn tó lé ní 600,000. Ọdún kọ̀ọ̀kan téèyàn bá lò sí i níléèwé ń fi nǹkan bí máàkì 1 sí 5 kún IQ rẹ̀. Ẹ ò rí i pé máàkì kì í ṣe ilà ojú? Iléèwé kì í kàn ṣàyẹ̀wò ọpọlọ lásán, ó máa ń bọ́ ọ ni.

Ohun tí mo sọ fún un

Mo pe àbúrò mi padà. Mo ní: "Lọ́dún tí mo ṣe tèmi, Dádì ṣì ń ṣiṣẹ́, wọ́n sanwó lẹ́sìnnì fún mi, mi ò sì ṣe ju kí n kàwé lọ. Ìwọ ń dúró ní ṣọ́ọ̀bù Màmá di aago mẹ́jọ alẹ́, tọ́ọ̀ṣì lo fi ń kàwé. Orí wa lè dọ́gba. Fìlà ni ò dọ́gba. Bó bá wù ẹ́ láti kọ́ṣẹ́, lọ kọ́ ọ, màá tì ẹ́ lẹ́yìn. Ṣùgbọ́n má kọ́ ọ torí pé o rò pé olódo ni ẹ́."

Ó dákẹ́ fúngbà díẹ̀. Lẹ́yìn náà ló béèrè: "Àǹtí mi, ìwé Kẹ́mísírì yín yẹn, ṣé ó ṣì wà?"

Ó wà. Mo ti fi ránṣẹ́.