Ìwúkàrà Àjọpín àti Búrẹ́dì Dídùn

Àgbẹ̀ tí ó bá jẹ èbù iṣu rẹ̀ tán, kí ni yóò gbìn nígbà tí òjò bá dé? Bẹ́ẹ̀ gẹ́gẹ́ ni ọ̀ràn ìwúkàrà rí.

Ìwúkàrà jẹ́ ohun alààyè tí ó kéré tó bẹ́ẹ̀ tí ojú lásán kò lè rí i. Láti 1857 ni Louis Pasteur, ọ̀mọ̀wé ará Faransé, ti bẹ̀rẹ̀ sí fi hàn pé ohun alààyè ni ó ń mú nǹkan kan. Ó ń jẹ adùn inú ìyẹ̀fun, ó sì ń tú afẹ́fẹ́ jáde. Afẹ́fẹ́ yìí ni ó ń mú búrẹ́dì wú. Òun kan náà ni ó ń mú ẹmu hó nínú akèrègbè. Nítorí náà, àwa ará Adégbayì tí ọ̀pẹ kò jìnnà sí kò ní láti wá a lọ sí Èkó.

Bí a ti ń ṣe é nìyí. Bu ife ẹmu òwúrọ̀ kan pẹ̀lú gẹ̀dẹ̀gẹ̀dẹ̀ rẹ̀, pò ó mọ́ ife fúláwà kan nínú ìkòkò tí a fi omi gbígbóná fọ̀. Fi aṣọ mímọ́ bò ó. Bí ó bá wú tí ihò wẹ́wẹ́ sì kún inú rẹ̀, ó ti yè. Lójoojúmọ́, fún un ní fúláwà díẹ̀ àti omi tí a sè tí ó ti tutù.

Nígbà tí ó bá pọ̀ tó, pín in sí mẹ́ta: apá kan fún búrẹ́dì, apá kan fún ìpamọ́, apá kan fún aládùúgbò.

Fún búrẹ́dì, po ife ìwúkàrà kan mọ́ ife fúláwà mẹ́ta, ìdámẹ́rin ife ṣúgà, bọ́tà ṣíbí ńlá méjì, iyọ̀ ṣíbí kékeré kan, àti omi lílọ́wọ́ọ́wọ́ díẹ̀díẹ̀ títí yóò fi rọ̀. Má ṣe lo omi gbígbóná, nítorí yóò pa ìwúkàrà. Má sì ṣe fi ṣúgà kún un ní àpọ̀jù, nítorí kò ní jẹ́ kí ó tètè wú. Nígbà tí ó bá wú di ìlọ́po méjì, tún un pò, mọ ọ́n, jẹ́ kí ó wú lẹ́ẹ̀kejì, kí o sì yan án. Bí a bá kan ìdí rẹ̀ tí ó dún bí ohun tí inú rẹ̀ ṣófo, ó ti jinná.

Kíyè sí i: bí ìwúkàrà bá hu èébu, tàbí tí ó pọ́n, tàbí tí ó ń rùn bí òkú ẹran, dà á nù pátápátá. Má ṣe ha èébu orí rẹ̀ kúrò kí o sì lo ìyókù.

Ní ọdún kan, nígbà ìkórè, a fi gbogbo ìwúkàrà ilé wa ṣe búrẹ́dì fún àlejò. Kò ku ẹyọ ṣíbí kan. Bí kò bá ṣe ti opó kan tí ìyàwó mi ti bù fún tẹ́lẹ̀, à bá tún bẹ̀rẹ̀ láti ìdí ẹmu. Ọwọ́ rẹ̀ ni a ti gba tiwa padà.

Nítorí náà, ẹ̀yin ará, ẹ má ṣe lo èyí tí ó kẹ́yìn, ẹ má sì dá a ní láìfún ẹnìkan. Èyí tí a fi fún aládùúgbò kò sọnù. Ibẹ̀ ni a fi í pamọ́ sí.