Stéphane Sessègnon, agbábọ́ọ̀lù

Àwọn ọmọdé Bantè àti Savalou fẹ́ràn láti máa gbá bọ́ọ̀lù. Stéphane Sessègnon náà fẹ́ràn rẹ̀.

Ní ọdún 1984 ni wọ́n bí i ní Allahé, ní ilẹ̀ Bẹ̀nẹ̀. Kò ga púpọ̀, ṣùgbọ́n ẹsẹ̀ rẹ̀ yá. Ó gbá bọ́ọ̀lù ní Kútọ̀nù. Ní ọdún 2004, ó lọ sí ilẹ̀ Faransé. Ó gbá bọ́ọ̀lù ní Créteil, ní Le Mans àti ní Paris. Ní ọdún 2011, ó lọ sí Sunderland, ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì.

Ọ̀nà jìn, ṣùgbọ́n kò gbàgbé ilé. Ó padà wá gbá bọ́ọ̀lù fún Bẹ̀nẹ̀.

Ní ọdún 2019, òun ni balógun ẹgbẹ́ Bẹ̀nẹ̀ ní Íjíbítì. Ó ti pé ọmọ ọdún 35. Bẹ̀nẹ̀ àti Mòrókò gbá a títí, wọ́n ta ọ̀mì, 1 sí 1. Wọ́n wá gbá pẹnáritì. Bẹ̀nẹ̀ ló borí! Inú gbogbo ìlú dùn.

Àjò kì í dùn kí onílé má relé.

Ìbéèrè
1. Níbo ni wọ́n bí Sessègnon?
2. Ọdún wo ló lọ sí ilẹ̀ Faransé?
3. Ta ni balógun Bẹ̀nẹ̀ ní Íjíbítì?