Lẹ́tà sí Àyìnlá, Tó Fẹ́ Gbé Eré Rẹ̀ Bọ́ Sínú Fíìmù

Àyìnlá, ọmọ ẹ̀gbọ́n mi,

Mo rí lẹ́tà rẹ gbà. Inú mi dùn pé ẹgbẹ́ eré yín fẹ́ ṣe fíìmù, àmọ́ ibi tí o ti ní ẹ ó kàn gbé kámẹ́rà síwájú ìtàgé, ara mi ò gbà á. Jẹ́ kí n sọ ti Muhsin Ertuğrul fún ọ, ará Túrkì.

Istanbul ni wọ́n bí i sí ní 1892. Òṣèré orí ìtàgé ni. Ó ṣiṣẹ́ fíìmù ní Berlin, ó padà sílé ní 1922, ilé-iṣẹ́ Kemal Film sì gbéṣẹ́ fún un. Àyà rẹ̀ le! Nígbà tó ń ya Nur Baba, ìtàn tó kan àwọn ẹlẹ́sìn Bektashi, ṣe ni àwọn ọmọ ìjọ náà ya bo ibi iṣẹ́, tí wọ́n dà á rú. Ó parí ẹ̀ náà ni. Ní 1923, ó sọ ìwé Halide Edip, Ateşten Gömlek, di fíìmù, ó sì fi àwọn obìnrin Mùsùlùmí méjì, Bedia Muvahhit àti Neyyire Neyir, sínú ẹ̀, nígbà tó jẹ́ pé àwọn obìnrin tí kì í ṣe Mùsùlùmí ló ń ṣe irú iṣẹ́ bẹ́ẹ̀ tẹ́lẹ̀.

Ó tún lọ ya fíìmù ní Sófíẹ́ẹ̀tì. Ìgbà tó dé ni wọ́n fi í ṣe olórí ilé ìtàgé ìlú Istanbul, ibẹ̀ sì lọ̀rọ̀ wà. Ìgbà ẹ̀ẹ̀rùn tí ìtàgé bá ti tilẹ̀kùn ló ń ráyè ya fíìmù, àwọn òṣèré ìtàgé kan náà ló ń kó lọ, pẹ̀lú ohùn gbọ̀ọ̀rọ̀ àti ọwọ́ jíjù wọn. Òun ló ṣe fíìmù Túrkì àkọ́kọ́ tó ń sọ̀rọ̀, İstanbul Sokaklarında, ní 1931. Láti 1922 títí di 1939, bóyá la fi rí olùdarí mìíràn níbẹ̀. Bó ṣe ṣe é ni gbogbo ìlú gbà pé wọ́n ń ṣe é.

Àwọn kan ń bú u nítorí èyí. Èmi ò sí lára wọn. Ìtàgé lọkùnrin náà fẹ́ràn jù, ó sì sìn ín dáadáa. Ṣùgbọ́n wo olùdarí mìíràn, Lütfi Akad, tí kì í ṣe òṣèré rárá: ní 1952, ó gbé kámẹ́rà jáde sójú títì Istanbul fún fíìmù Kanun Namına, àwọn èèyàn sì rí ìlú wọn. Ọdún tó tẹ̀ lé e ni Ertuğrul ṣe Halıcı Kız, fíìmù aláwọ̀ àkọ́kọ́ nílẹ̀ náà. Kò tà. Kò ya òmíràn mọ́.

Lórí ìtàgé, ẹni tó jókòó sẹ́yìn pátápátá lò ń kígbe fún. Kámẹ́rà wà níwájú rẹ gan-an. Bí ìpéǹpéjú rẹ bá gbọ̀n, ó ti rí i. Nítorí náà, gé ọ̀rọ̀ ẹnu inú eré yẹn kù sí ìdajì. Wá ẹni méjì tí kò gorí ìtàgé rí, fún wọn ní ipa gidi. Ẹni tó ń gbé kámẹ́rà, má sọ ọ́ di ọmọ iṣẹ́. Jẹ́ kó lè sọ fún ọ pé ibí yìí ò dáa.

Owó tí o béèrè wà nílẹ̀. Tí o bá ti tún ìwé eré náà kọ, fi ránṣẹ́ sí mi, kí n kà á kí n tó san án. Bá mi kí ìyá rẹ.

Èmi ni,
Àbúrò bàbá rẹ