Kíkọ́ni ní Àyọkà Ìlànà-Ìṣe ní Èdè Yorùbá: Àpẹẹrẹ Àpótí Ìpamọ́ Àtijọ́ nínú Ilé kan ní Johannesburg

Ìfáárà

Kò sí olùkọ́ èdè abínibí tó ń jiyàn pé Yorùbá tó fi pa àlọ́, tó fi ki oríkì, tó sì tó fi pòwe. Ṣùgbọ́n bí ọ̀rọ̀ bá ti di ti ẹ̀rọ, Gẹ̀ẹ́sì ni ọ̀pọ̀ máa ń sá tọ̀. Ìṣe yìí ń kọ́ akẹ́kọ̀ọ́ ní ohun kan láìsọ ọ́ síta, pé èdè ìyá rẹ̀ dára fún ìrántí, kò dára fún iṣẹ́. Ètò Ọlọ́dún Mẹ́fà ti Ifẹ̀, tó bẹ̀rẹ̀ ní 1970 lábẹ́ ìdarí Ọ̀jọ̀gbọ́n Babátúndé Fáfúnwá, ti fi hàn pé Yorùbá ṣeé fi kọ́ ọmọ ní ìṣirò àti sáyẹ́ǹsì. Ìwé èdè-ìperí tí Bámgbóṣé ṣe olóòtú rẹ̀ ní 1984, àti èyí tí Awóbùlúyì ṣe olóòtú rẹ̀ ní 1990, sì ti pèsè ọ̀rọ̀ fún ìmọ̀ èdè, lítíréṣọ̀ àti ìlànà ìkọ́ni. Ohun tó kù ni kí olùkọ́ mú irú ọ̀rọ̀ bẹ́ẹ̀ dé ìdí ẹ̀rọ inú ilé. Àyọkà ìlànà-ìṣe ni ọ̀nà tó rọrùn jù láti ṣe é.

Àyíká ẹ̀kọ́ náà

Òfin ilẹ̀ South Africa ti 1996 ka èdè 11 sí èdè ìjọba. Èdè àwọn adití sì di ìkejìlá ní 2023. Àjọ Translate.org.za, tí Dwayne Bailey dá sílẹ̀ ní 2001, ti túmọ̀ ètò kọ̀ǹpútà sí àwọn èdè ilẹ̀ náà. Ọmọ Yorùbá tó ń dàgbà ní Yeoville tàbí Berea, ní Johannesburg, ń gbọ́ isiZulu àti Sesotho ní òpópónà, ó ń gbọ́ Gẹ̀ẹ́sì ní ilé-ìwé; ẹnu òbí rẹ̀ nìkan ló kù tí Yorùbá ti ń wá.

Kí a mú ilé kan bẹ́ẹ̀ gẹ́gẹ́ bí àpẹẹrẹ. Ohùn ìyá àgbà tó ń pa àlọ́ wà nínú àpótí ìpamọ́ kan tí wọ́n ti rà tipẹ́. Àpótí yìí ní dísíìkì nínú. Ara ráútà ni wọ́n ń so ó mọ́, kí gbogbo kọ̀ǹpútà inú ilé lè jọ máa lò ó. Kọ̀ǹpútà tuntun dé, kò sì rí àpótí náà. Bí àpótí bá kú kí wọ́n tó rí ohùn náà kó jáde, ìyá àgbà kò sí mọ́ láti tún un pa. Èyí ni ọ̀ràn tí akẹ́kọ̀ọ́ yóò fi Yorùbá yanjú.

Àyọkà àwòkọ́ṣe

1. Ẹ mú okùn ìsopọ̀, ẹ fi orí rẹ̀ kan bọ ihò ara àpótí, ẹ fi èkejì bọ ihò ara ráútà. Ẹ wá fún àpótí ní iná, kí ẹ dúró títí iná ojú rẹ̀ yóò fi dẹ́kun ṣíṣẹ́jú.

2. Ẹ ṣí ojú ewé ìṣàkóso ráútà, kí ẹ wo nọ́ńbà ojúlé tí ó fún àpótí. Ó lè jẹ́ 192.168.1.20. Ẹ ní kí ráútà fi nọ́ńbà yìí sílẹ̀ fún àpótí náà nìkan. Bí bẹ́ẹ̀ kọ́, bí iná bá lọ tó sì padà dé, nọ́ńbà lè yí padà, kọ̀ǹpútà yóò sì máa kan ilẹ̀kùn ilé onílé.

3. Ẹ kọ nọ́ńbà náà sí ojú ibi tí ẹ ti ń wo íntánẹ́ẹ̀tì, kí ojú ewé àpótí lè ṣí. Ẹ pààrọ̀ ọ̀rọ̀ aṣínà tó bá a ti ilé iṣẹ́ wá. Bí SMB2 bá wà nínú ètò rẹ̀, ẹ tàn án.

4. Lórí kọ̀ǹpútà, ẹ ṣí File Explorer, ẹ kọ \\192.168.1.20 sí ojú àdírẹ́sì rẹ̀, kí ẹ fi orúkọ àti ọ̀rọ̀ aṣínà wọlé.

5. Bí kò bá ṣí nítorí pé SMB1 nìkan ni àpótí gbọ́, ẹ lọ sí ibi tí a ti ń tan ẹ̀yà ara Windows, ẹ yan SMB 1.0/CIFS Client nìkan, kí ẹ pa kọ̀ǹpútà, kí ẹ sì tún un tàn.

6. Ẹ ṣe ẹ̀dà gbogbo fáìlì sí ibòmíràn. Ẹ ka iye wọn, ẹ ṣí díẹ̀ gbọ́. Lẹ́yìn èyí, ẹ pa SMB1 lójú ẹsẹ̀.

Ìdí tí ìlànà fi gbọ́dọ̀ ní àlàyé

Àṣẹ láìsí ìdí kì í ṣe ẹ̀kọ́. SMB ni èdè tí kọ̀ǹpútà àti àpótí fi ń bá ara wọn sọ̀rọ̀. Barry Feigenbaum ló ṣe é ní ilé iṣẹ́ IBM ní 1983. SMB1 ti gbó. Ní oṣù karùn-ún 2017, ihò ara rẹ̀ ni WannaCry gbà wọ kọ̀ǹpútà káàkiri ayé, tó ti fáìlì pa, tó sì ń bèèrè owó ìtúsílẹ̀. Láti ẹ̀dà 1709 ti Windows 10, tó jáde lọ́dún náà, SMB1 kì í bá kọ̀ǹpútà tuntun wá mọ́. Ẹ̀dà Pro ti Windows 11 tó jáde ní 2024 kì í sì fẹ́ gba àpótí tí kò bèèrè ọ̀rọ̀ aṣínà. Nítorí náà, kọ̀ǹpútà tí kò rí àpótí kò bàjẹ́. Ilẹ̀kùn kan ni wọ́n tì fún un. Ẹni tó ṣí i gbọ́dọ̀ rántí tì í padà.

Àpótí àtijọ́ kò sì gbọ́dọ̀ dojú kọ íntánẹ́ẹ̀tì. Ní oṣù kẹfà 2021, ọ̀pọ̀ ẹni tó ní WD My Book Live bá àpótí wọn ní òfìfo: àwọn kan ti gba íntánẹ́ẹ̀tì wọlé pa gbogbo fáìlì rẹ́. 2015 ni ilé iṣẹ́ tó ṣe é ti tún ètò rẹ̀ ṣe gbẹ̀yìn. Àwọn ará Johannesburg náà mọ ìyà irú ìkọlù bẹ́ẹ̀; ní oṣù keje 2019, àwọn agbófáìlì kọlu City Power, ọ̀pọ̀ oníbàárà kò sì rí iná alásansílẹ̀ rà. Àìsí iná pẹ̀lú ń ba dísíìkì jẹ́. Ní 2023, ọjọ́ tí Eskom kò pín iná kò tó nǹkan. Bátìrì agbátẹrù ṣe pàtàkì. Bákan náà, àpótí oní-dísíìkì méjì kì í ṣe ẹ̀dà méjì: ohun tí a bá pa rẹ́ lára ọ̀kan ti kúrò lára èkejì. Ẹ̀dà kan gbọ́dọ̀ wà nínú ilé mìíràn.

Ohun tí olùkọ́ yóò tọ́ka sí

Èkíní ni àpólà ìṣe. ‘Mú okùn, fi orí rẹ̀ bọ ihò’ jẹ́ àkànpọ̀ ọ̀rọ̀-ìṣe: ọ̀kọ̀ọ̀kan dúró fún ohun tí ọwọ́ ń ṣe, bí wọ́n sì ṣe tò ni iṣẹ́ ṣe tò. Èkejì ni ọ̀wọ̀. Ọmọ tó ń kọ ìlànà fún bàbá rẹ̀ kò lè kọ ‘fi’. ‘Ẹ fi’ ni yóò kọ. Ẹ̀kẹta ni ìperí. Ọ̀nà mẹ́ta ló hàn nínú àyọkà: ọ̀rọ̀ àyálò bíi ‘ráútà’ àti ‘fáìlì’, ọ̀rọ̀ àpèjúwe bíi ‘ọ̀rọ̀ aṣínà’, àti ọ̀rọ̀ tí ìtumọ̀ rẹ̀ gbòòrò sí i, bíi ‘ojúlé’, tó ti wà fún nọ́ńbà ilé kí kọ̀ǹpútà tó dé.

Iṣẹ́ ṣíṣe

(a) Kí akẹ́kọ̀ọ́ yọ ‘bí . . . bá’ inú àyọkà, kí wọ́n sì sọ ohun tí yóò ṣẹlẹ̀ bí a bá fo gbólóhùn náà.
(b) Kí wọ́n yí àyọkà sí èyí tí wọ́n ń kọ sí ẹgbẹ́ wọn.
(d) Kí ẹnìkan ka ìlànà sókè, kí ẹlòmíràn fi ọwọ́ ṣe é. Ibi tí ọwọ́ bá ti dúró ni èdè ti kùnà. Ibẹ̀ ni kí wọ́n tún kọ.

Àgbálọgbábọ̀

Akẹ́kọ̀ọ́ tó bá fi Yorùbá yọ ohùn ìyá àgbà rẹ̀ nínú àpótí tó ń kú lọ ti pa àlọ́ mọ́, ó sì ti sọ èdè náà di èdè iṣẹ́. Olùkọ́ tó bá ń kọ́ni ní ọ̀kan láìkọ́ni ní èkejì ti dá iṣẹ́ dúró lágbede méjì.