Òkè, Àpáta àti Èèwọ̀: Ọ̀rọ̀-Ìperí fún Àwọn Ohun Àdánidá tí Òfin Pa Mọ́ ní Ilẹ̀ Yorùbá

1. Ìfáàrà

Iṣẹ́ tí a gbé ka iwájú ara wa nínú àpilẹ̀kọ yìí ni láti yẹ àwọn ọ̀rọ̀ tí a fi ń pe òkè, àpáta, omi àti igbó tí òfin pa mọ́ ní ilẹ̀ Yorùbá wò, kí a sì dábàá èyí tí ó yẹ kí àwọn olùkọ́ àti àwọn ògbufọ̀ máa lò. Ohun tí ó ta wá jí sí ọ̀rọ̀ náà kò ju pátákó ìkìlọ̀ kan lọ. Wọ́n fẹ́ rì í mọ́ ẹsẹ̀ òkè kan tí a kò fẹ́ kí ẹnikẹ́ni máa fọ́ òkúta níbẹ̀, wọ́n sì ní kí a bá wọn yẹ ìtumọ̀ rẹ̀ wò. Ohun tí wọ́n kọ ni: ‘A ti dáàbò bo òkè yìí.’ Nígbà tí a kà á sí etígbọ̀ọ́ bàbá àgbàlagbà kan, ìbéèrè tí bàbá náà bi wá ni pé, ‘Ta ni ó fẹ́ gbógun tì í?’

Ẹ̀rín pa wá, ṣùgbọ́n ìbéèrè náà kì í ṣe ọ̀rọ̀ ẹ̀rín. Gírámà gbólóhùn yẹn tọ́. Síbẹ̀, kò sọ ohun tí a kò gbọdọ̀ ṣe, bẹ́ẹ̀ ni kò sọ ohun náà gan-an tí a kò gbọdọ̀ fọwọ́ kàn. Ẹni tí ó bá gbé òòlù dé ibẹ̀ lè wí pé òun kò fọwọ́ kan òkè, àpáta ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ ni òun ń fọ́.

2. Òkè kì í ṣe àpáta

Bí a bá wò ó fínnífínní, a ó rí i pé òkè ń tọ́ka sí ipò: ohun tí ó ga ju ibi tí a dúró sí lọ. Àpáta ní tirẹ̀ ń tọ́ka sí ohun tí nǹkan jẹ́: òkúta ńlá tí ó fìdí múlẹ̀ nínú ilẹ̀. Òkúta ni èyí tí a lè gé tàbí tí a lè gbé. Òkè tí ó jẹ́ kìkì erùpẹ̀ wà. Àpáta tí kì í ṣe òkè sì wà, gẹ́gẹ́ bí àpáta pẹrẹsẹ tí a ń sá èlùbọ́ sí. Nítorí náà, ògbufọ̀ tí ó bá fi òkè nìkan túmọ̀ gbogbo wọn ti da ohun méjì pọ̀ tí èdè wa ti yà sọ́tọ̀ tipẹ́.

Ìmọ̀ sáyẹ́ǹsì ti ìpínyà yìí lẹ́yìn. Àwọn àpáta ìgbàanì ni ó wà ní ìpìlẹ̀ apá tí ó pọ̀ jù nínú ilẹ̀ Yorùbá. Èyí tí ó jẹ́ akọ òkúta nínú wọn, irú èyí tí a rí ní Ìdànrè, jẹ́ ohun yíyọ́ tí ó tutù tí ó sì dì ní ìsàlẹ̀ ilẹ̀ lọ́hùn-ún ní nǹkan bí 600 mílíọ̀nù ọdún sẹ́yìn. Òjò, oòrùn àti ọ̀gbàrá jẹ ohun tí ó bò wọ́n mọ́lẹ̀ díẹ̀díẹ̀, èyí tí ó le sì ṣẹ́kù sórí ìdúró. Kì í ṣe pé òkè wú; ilẹ̀ àyíká rẹ̀ ni ó lọ sílẹ̀.

Orúkọ tí Bornhardt, onímọ̀ ilẹ̀ ará Jámánì, fún irú àpáta bẹ́ẹ̀ ní nǹkan bí ọdún 1900 pa erékùṣù àti òkè pọ̀. Àfiwé ni: pẹ̀tẹ́lẹ̀ dà bí òkun lójú rẹ̀. Bí a bá wá pè é ní ‘òkè erékùṣù’, akẹ́kọ̀ọ́ Ìdànrè yóò máa wá omi tí ó yí i ká. Ilé là ń wò kí a tó sọ ọmọ lórúkọ. Àbá wa ni àpáta àdádó, nítorí pé ó sọ ohun tí nǹkan náà jẹ́ àti bí ó ṣe dúró. Bí wọ́n tilẹ̀ pọ̀ lójú kan, orúkọ náà bá ọ̀kọ̀ọ̀kan wọn mu.

3. Omi orí àpáta

Irú ìṣọ́ra kan náà ni ọ̀rọ̀ omi ń fẹ́. Ní Ìkógòsì, ní Èkìtì, ìsun omi méjì pàdé, ọ̀kan tutù, èkejì lọ́ wọ́ọ́wọ́. Àwọn ìwé kan ń pe èyí èkejì ní ‘omi gbígbóná’, ṣùgbọ́n omi gbígbóná ń jó ènìyàn, tí Ìkógòsì kì í sì í jó ẹni tí ó wẹ̀ nínú rẹ̀. Ìsun lílọ́wọ́ọ́wọ́ ni ó tọ́. Fún omi Olúmìrìn ní Erin-Ìjẹ̀ṣà, tí ó ń já láti ìpele dé ìpele, méje lápapọ̀, a dábàá òṣòòrò àpáta. Òṣòòrò ni a ń pe omi tí ó ń dà láti etí òrùlé. A kàn gbé e láti ilé lọ sí òkè ni.

4. Ta ni ó ń dáàbò bo ta ni?

A padà sí ìbéèrè bàbá. Nínú ìtàn wa, àpáta ni ó ń dáàbò bo ènìyàn. Abẹ́ Olúmọ ni àwọn Ẹ̀gbá sá sí nígbà tí wọ́n dé ní ọdún 1830, orúkọ ìlú wọn, Abẹ́òkúta, sì ń jẹ́rìí sí i di òní. Orí àpáta ni àwọn ará Ìdànrè ń gbé kí wọ́n tó sọ̀ kalẹ̀ wá sí ibi tí wọ́n wà nísinsìnyí. Etí tí ó ti mọ ìtàn yìí ni ‘a ti dáàbò bo òkè’ fi ń ṣàjèjì sí.

Àwọn òfin tí a ń túmọ̀ kò sì fi ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo sọ gbogbo rẹ̀. Àdéhùn Ogún Àgbáyé ti ọdún 1972, tí Nàìjíríà fọwọ́ sí ní ọdún 1974, mẹ́nu kan ohun àdánidá fúnra rẹ̀, bí ilẹ̀ àti òkúta ṣe rí, àti agbègbè tí a pa ààlà sí. Igbó Ọ̀ṣun ní Òṣogbo, tí ìjọba kéde gẹ́gẹ́ bí ohun ìrántí ní ọdún 1965, tí ó sì wọ inú Ogún Àgbáyé ní ọdún 2005, ti ní òfin tirẹ̀ kí àwọn ìwé wọ̀nyí tó dé: a kì í dẹ ẹ́, a kì í gé igi rẹ̀, a kì í pa ẹja odò rẹ̀. Ìṣe kọ̀ọ̀kan ni wọ́n dárúkọ.

Èdè wa ní ohun èlò fún èyí. Àfòmọ́ ìbẹ̀rẹ̀ àì- máa ń yí ọ̀rọ̀-ìṣe padà sí orúkọ ìṣe tí a kò ṣe, bí a ṣe rí i nínú igbó àìwọ̀. Lórí àpẹẹrẹ yìí a lè ṣẹ̀dá igbó àìdẹ, igi àìgé, odò àìpẹja àti àpáta àìfọ́.

Àtakò kan wà tí a kò gbọdọ̀ fojú fò. Ẹni tí ó gbọ́ ‘àwo àìfọ́’ yóò rò pé àwo tí kì í fọ́ ni. Àṣà ni ó jẹ́ kí igbó àìwọ̀ yé gbogbo ènìyàn. Ọ̀rọ̀ tuntun kò tí ì ní irú àṣà bẹ́ẹ̀ lẹ́yìn. Nítorí náà, kí a kọ ìtumọ̀ ní kíkún nígbà àkọ́kọ́, ‘àpáta tí òfin ka fífọ́ rẹ̀ léèwọ̀’, kí a tó máa lo ìkékúrú rẹ̀.

5. Àbá

(i) ohun ìpamọ́ àdánidá: orúkọ àpapọ̀ fún gbogbo ohun tí òfin pa mọ́.
(ii) ilẹ̀ alálà: agbègbè ìpamọ́ tí a ti fi ààlà sí.
(iii) àpáta àdádó: àpáta tí ó dá dúró lórí pẹ̀tẹ́lẹ̀.
(iv) ìsun lílọ́wọ́ọ́wọ́. Òṣòòrò àpáta: gẹ́gẹ́ bí a ti ṣàlàyé.
(v) àì- pẹ̀lú ọ̀rọ̀-ìṣe: fún ohun tí a kò gbọdọ̀ ṣe.

6. Ìkádìí

Ohun tí a kọ sí pátákó náà nígbẹ̀yìn ni: ‘Òfin ka fífọ́ àpáta yìí àti kíkó òkúta rẹ̀ léèwọ̀.’ Ó gùn ju ti ìṣáájú lọ, ṣùgbọ́n ẹni tí ó gbé òòlù wá kò ní àwáwí mọ́. A rọ àwọn òǹkàwé kí wọ́n fi orúkọ tí ẹ̀ka-èdè tiwọn ń lò fún irú nǹkan wọ̀nyí ránṣẹ́, kí a lè fi tiwa wé e. Igi tí a gé lè tún rúwé. Àpáta tí a fọ́ kì í hù mọ́. Ó yẹ kí ọ̀rọ̀ tí a fi ń ṣọ́ ọ yé gbogbo ènìyàn kí òòlù tó dé.