Nígbà tí Ìjọba Ìbílẹ̀ Bá Kọ̀ Láti Dáhùn Ẹ̀sùn

Ẹ wo obìnrin inú àwòrán yìí. Aránṣọ ni. Àwọn òṣìṣẹ́ ìjọba ìbílẹ̀ fi àgádágodo ti ṣọ́ọ̀bù rẹ̀ pa, wọ́n ní kò san owó ìsọ̀, bẹ́ẹ̀ rìsíìtì owó náà wà lọ́wọ́ rẹ̀. Ó ti lọ sí ọ́fíìsì wọn nígbà mẹ́ta. Wọ́n ní kí ó lọ, kí ó padà wá. Ọ̀sẹ̀ ń gorí ọ̀sẹ̀, ẹ̀rọ ìránṣọ rẹ̀ àti aṣọ àwọn oníbàárà sì wà ní àtìmọ́lé.

Àwọn kan yóò ní kí ó dúró de ìdìbò tó ń bọ̀, kí ó fi ìbò rẹ̀ yọ alága náà. Òtítọ́ ni pé ìbò lágbára. Ṣùgbọ́n ọdún mélòó ni aránṣọ lè fi dúró? Ọ̀nà mìíràn wà tí kò dúró de ọjọ́ ìdìbò: ilé ẹjọ́.

Abala 36 nínú Ìwé Òfin Orílẹ̀-èdè wa ti ọdún 1999 sọ pé, bí ọ̀ràn ẹ̀tọ́ ẹnìkan bá délẹ̀, ìbáà ṣe ìjọba ni wọ́n jọ ń fà á, ẹni náà lẹ́tọ̀ọ́ kí a gbọ́ ẹjọ́ rẹ̀ bó ti yẹ, láàrin àkókò tí kò pọ̀ jù. Bí òfin bá sì fún òṣìṣẹ́ ìjọba láṣẹ láti pinnu lórí ọ̀ràn aráàlú, ẹni tí ọ̀rọ̀ kàn gbọ́dọ̀ ráyè sọ tẹnu rẹ̀ kí ìpinnu tó wáyé. Èyí kò ṣàjèjì sí wa: agbẹ́jọ́ ẹnìkan dá, àgbà òṣìkà.

Kí ni adájọ́ lè ṣe? Àṣẹ kan wà tí àwọn agbẹjọ́rò ń pè ní mandamus. Òun ni Ilé Ẹjọ́ Gíga fi ń pàṣẹ pé kí òṣìṣẹ́ ìjọba ṣe iṣẹ́ tí òfin kàn án nípá fún un. Ọ̀pọ̀ ènìyàn ń ṣi èyí lóye. Adájọ́ kì í gba àga alága jókòó. Kò ní sọ iye tí owó ìsọ̀ yóò jẹ́. Ohun tí yóò sọ ni pé kí ìjọba ìbílẹ̀ gbé ẹ̀sùn náà yẹ̀ wò, kí wọ́n gbọ́ tẹnu obìnrin náà, kí wọ́n sì fún un lésì. Bí ó bá sì hàn pé wọ́n ti ìlẹ̀kùn rẹ̀ pa láìfún un láyè láti sọ̀rọ̀, adájọ́ lè fagi lé ìgbésẹ̀ náà pátápátá.

Ṣùgbọ́n a kì í kàn dìde lọ sí kóòtù. Adájọ́ yóò kọ́kọ́ béèrè bóyá a ti béèrè ẹ̀tọ́ wa tí wọ́n sì kọ̀. Ibí yìí ni ẹsẹ̀ ọ̀pọ̀ ènìyàn ti ń yọ̀. Aránṣọ wa lọ nígbà mẹ́ta lóòótọ́, àmọ́ kò sí ìwé kankan tó jẹ́rìí rẹ̀. Kí ó kọ lẹ́tà, kí ó mú ẹ̀dà kejì dání, kí wọ́n sì lu òǹtẹ̀ àti déètì lé e. Ní ọ̀pọ̀ ìpínlẹ̀, òfin tún béèrè pé kí a fún ìjọba ìbílẹ̀ ní ìwé ìkìlọ̀ oṣù 1 kí a tó pè wọ́n lẹ́jọ́; bẹ́ẹ̀ ni ọ̀pọ̀ Ilé Ẹjọ́ Gíga kì í fẹ́ kí irú ẹ̀bẹ̀ yìí kọjá oṣù 3 lẹ́yìn ìṣẹ̀lẹ̀. Ẹni tó bá sùn lórí ẹ̀tọ́ rẹ̀ lè jí kí àyè ti bọ́.

Bí ó bá jẹ́ àkọsílẹ̀ ni a ń wá, bí i ìwé tó fi iye owó ìsọ̀ lélẹ̀, Òfin Òmìnira Ìròyìn ti ọdún 2011 fún wọn ní ọjọ́ 7 láti dáhùn. Bí wọ́n bá kọ̀, a ní ọjọ́ 30 láti lọ sí ilé ẹjọ́. Ní oṣù kẹrin ọdún 2025, Ilé Ẹjọ́ Tó Ga Jùlọ fìdí rẹ̀ múlẹ̀ pé òfin náà de ìpínlẹ̀ àti ìjọba ìbílẹ̀ pẹ̀lú.

Ẹni tí kò lówó agbẹjọ́rò lè kọ́kọ́ lọ sí Àjọ Tó Ń Gbọ́ Ẹ̀sùn Aráàlú, tí ìjọba dá sílẹ̀ ní 1975. Wọn kì í gba owó. Ìmọ̀ràn ni wọ́n ń fún ìjọba, kì í ṣe àṣẹ bí ti adájọ́, àmọ́ ìwé ìwádìí wọn máa ń wúlò.

Àwòrán kejì fi lẹ́tà aránṣọ náà hàn: orúkọ àti àdírẹ́sì lókè, nọ́ńbà rìsíìtì, ọjọ́ tí wọ́n ti ṣọ́ọ̀bù pa, ohun tó ń béèrè, àti òǹtẹ̀ nísàlẹ̀.